Ojú tirẹ̀, ohùn ẹlòmíràn: ọ̀rọ̀ Claudia Cardinale nínú sinimá Ítálì

Nínú fíìmù I soliti ignoti tí Mario Monicelli darí ní ọdún 1958, ọ̀dọ́bìnrin kan wà tí ẹ̀gbọ́n rẹ̀ ọkùnrin ti ilẹ̀kùn mọ́ sínú ilé. Carmelina lorúkọ rẹ̀. Ọmọ Sísílì ni tẹ̀gbọ́n-tàbúrò, àwàdà ibẹ̀ sì ni bí ẹ̀gbọ́n yìí, Ferribotte, ṣe ń ṣọ́ àbúrò rẹ̀ lójú méjèèjì: ọkùnrin kankan kò gbọdọ̀ fojú kàn án títí wọn yóò fi fà á lé ọkọ lọ́wọ́. Ahọ́n Sísílì ló ń dún lẹ́nu Ferribotte láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin. Bẹ́ẹ̀ sì rèé, Tiberio Murgia tó ṣe é kì í ṣe ọmọ Sísílì rárá. Erékùṣù Sardinia ni wọ́n ti bí i, ẹlòmíràn ni wọ́n gbà láti máa sọ̀rọ̀ sí i lẹ́nu kó lè dún bí ará Sísílì. Ọ̀dọ́bìnrin tó ṣe Carmelina ńkọ́? Ilé tí wọ́n ti ń sọ èdè Sísílì ló dàgbà sí. Lẹ́nu bàbá àti ìyá ló ti gbọ́ ọ. Òun náà, wọ́n yọ ohùn tirẹ̀ kúrò, wọ́n fi ti ẹlòmíràn sí i.

Ọmọ ogún ọdún ni nígbà náà. Claudia Cardinale ni. Láàárín 1958 sí 1963, ó ṣe fíìmù tó lé ní mẹ́wàá, àwòrán rẹ̀ wà lára ìwé ìròyìn káàkiri, wọ́n ń pè é ní àfẹ́sọ́nà gbogbo Ítálì. Àfẹ́sọ́nà tí ẹnikẹ́ni ò tíì gbọ́ ohùn rẹ̀ nínú sinimá Ítálì. Ọ̀rọ̀ ọdún márùn-ún yẹn ni mo fẹ́ sọ níbí, torí nínú ohun tí wọ́n ń kọ nípa rẹ̀, ẹwà ni wọ́n sábà máa ń gbé síwájú, ohùn ni wọ́n ń mú gba ẹ̀yìnkùlé.

Ọmọ Ọ̀fun Odò

Wọ́n bí i ní ọjọ́ 15 oṣù kẹrin ọdún 1938 ní La Goulette, èbúté tó wà lẹ́nu ọ̀nà ìlú Tunis, ní Tùnísíà. Abẹ́ ìjọba Faransé ni ilẹ̀ náà wà, láti 1881 títí di 1956. La Goulette ni orúkọ tí àwọn Òyìnbó ń pe ibẹ̀. Halq al-Wadi ni àwọn onílẹ̀ ń pè é ní èdè Lárúbáwá, ìtumọ̀ rẹ̀ ni ọ̀fun odò. N ò ní fa ọ̀rọ̀ yẹn gùn, mo kàn fẹ́ kí ẹ mọ̀ ni.

Ojú omi láti Sísílì sí Tùnísíà kò jìnnà. Ó ti pẹ́ tí àwọn tálákà Sísílì ti ń sọdá síbẹ̀ láti wá oúnjẹ òòjọ́, lára wọn ni àwọn òbí àgbà Claudia wà. Bàbá rẹ̀ ń ṣiṣẹ́ ní rélùwéè. Wọ́n ti pẹ́ nílẹ̀ ìjọba Faransé, ṣùgbọ́n bàbá yìí kọ̀ láti di ọmọ Faransé, ọmọ Ítálì ló ní òun yóò máa jẹ́. Bó ṣe di pé èdè mẹ́ta ló wà létí ọmọ náà nìyẹn: Sísílì nínú ilé, Faransé ní ilé ìwé, èdè Lárúbáwá ti Tùnísíà ní àdúgbò. Èdè Ítálì tí wọ́n ń sọ ní Róòmù kò sí nínú mẹ́tẹ̀ẹ̀ta. Ẹ má rò pé ẹni tó gbọ́ Sísílì ti gbọ́ Ítálì náà tán. Ẹni tó bá ti fi ẹnu Ọ̀yọ́ lọ ná ọjà láàárín àwọn Ìkálẹ̀ rí á mọ ohun tí mò ń wí, ti Sísílì sì tún jìnnà jù bẹ́ẹ̀ lọ.

Iṣẹ́ olùkọ́ ló wù ú. Ní 1957, wọ́n ṣe ọ̀sẹ̀ fíìmù Ítálì ní Tunis, wọ́n sì fi ìdíje ẹwà kún un: ta ni ọmọbìnrin ará Ítálì tó rẹwà jù ní Tùnísíà? Claudia kò forúkọ sílẹ̀. Ó kàn wà níbẹ̀ ni, wọ́n bá tì í gun orí pèpéle, òun ni wọ́n sì mú. Ẹ̀bùn rẹ̀ ni kí wọ́n gbé e lọ wo àjọ̀dún sinimá ní Venice. Nígbà tó débẹ̀, àwọn ayàwòrán rọ̀ mọ́ ọn, àwọn tó ń náwó sí fíìmù ní kó wá máa ṣiṣẹ́. Ó ní òun ò ṣe.

Wọ́n ṣáà rọ̀ ọ́ títí ó fi gbà láti lọ sí Centro Sperimentale, ilé ẹ̀kọ́ sinimá ní Róòmù. Ẹ wá wo ẹni tí wọ́n fi ṣe olùkọ́ rẹ̀: Tina Lattanzi. Òṣèré ni Lattanzi lóòótọ́, ṣùgbọ́n ohùn rẹ̀ ni gbogbo Ítálì fi mọ̀ ọ́n. Bí Greta Garbo bá ya ẹnu nínú fíìmù Amẹ́ríkà tí wọ́n gbé wọ Ítálì, ohùn Lattanzi ló máa ń jáde. Bí Marlene Dietrich bá sọ̀rọ̀, Lattanzi náà ni. Lọ́dọ̀ ìyá yìí ni wọ́n mú ọmọbìnrin tí kò gbọ́ Ítálì lọ. Ẹ̀kọ́ náà ò wọ̀ ọ́ létí, inú rẹ̀ ò dùn, kò pé oṣù mélòó kan tó fi kó ẹrù rẹ̀ padà sí Tunis.

Ohun tó dá a padà sí Róòmù

Ibí yìí kò dùn ún sọ. Lẹ́yìn ọ̀pọ̀ ọdún ni Claudia tó sọ ọ́ síta pé ọkùnrin kan tó jù ú lọ ní Tunis fi ipá bá òun lò pọ̀, oyún sì dúró. Ó nílò owó, ó sì nílò ibi tí ojú ará ilé ò ti ní tó o. Franco Cristaldi, tó ni ilé-iṣẹ́ fíìmù Vides, gbé àdéhùn iṣẹ́ wá. Ẹni tó ti ń sọ pé òun ò ṣe tọwọ́ bọ̀wé.

Oyún ti wà nínú rẹ̀ nígbà tó ń ṣe Carmelina, ọmọbìnrin tí ẹ̀gbọ́n ń ṣọ́ kí ọkùnrin má bàa rí i. Nígbà tí ikùn fẹ́ máa yọ, Cristaldi rán an lọ sí Lọ́ńdọ̀nù. Ohun tí wọ́n sọ fún àwọn oníròyìn ni pé ó lọ kọ́ èdè Gẹ̀ẹ́sì. Níbẹ̀ ló ti bí Patrick ní oṣù kẹwàá 1958. Láti ọjọ́ náà, wọ́n ní àbúrò rẹ̀ ni ọmọ náà, bẹ́ẹ̀ ni wọ́n ṣe ń pè é níwájú ayé àti níwájú ọmọ fúnra rẹ̀. Ọdún 1967 ni Claudia tó jẹ́wọ́ fún akọ̀ròyìn Enzo Biagi, tí gbogbo Ítálì sì kà á.

Àdéhùn náà le. Ó sọ lẹ́yìn náà pé òun ò lè gé irun òun bó ṣe wu òun, òun ò gbọdọ̀ sanra, òun ò gbọdọ̀ ṣègbéyàwó, owó oṣù ni wọ́n sì ń san fún òun bíi ti akọ̀wé ilé-iṣẹ́, iye yòówù kí fíìmù náà pa wọlé. Ní 1966, òun àti Cristaldi ṣe ìgbéyàwó ní Atlanta, Amẹ́ríkà. Òfin Ítálì kò kà á sí. Àwọn kan á ní Cristaldi ló sọ ọ́ di èèyàn, pé láìsí i kò ní sí Cardinale. Ó ṣeé ṣe. Ẹni tó gbé ọ gun ẹṣin ṣáà lè jẹ́ ẹni tó di ìjánu mú.

Nídìí òrùka

Kí ẹ tó bínú sí àwọn tó yọ ohùn rẹ̀, ó yẹ kí ẹ mọ bí sinimá Ítálì ṣe ń ṣiṣẹ́ nígbà yẹn.

Ní 1930, ìjọba Mussolini fòfin de èdè àjèjì nínú sinimá. Fíìmù Amẹ́ríkà tó bá fẹ́ wọlé, gbogbo ẹnu inú rẹ̀ gbọ́dọ̀ máa sọ Ítálì. Bí àwọn òṣìṣẹ́ ohùn ṣe pọ̀ sí Róòmù nìyẹn, àwọn èèyàn tí iṣẹ́ wọn kò ju kí wọ́n fi ohùn wọn sí ẹnu ẹlòmíràn, tí wọ́n sì mọ̀ ọ́n ṣe dé góńgó. Ogun parí, ìjọba yẹn wó, iṣẹ́ wọn ò wó. Àwọn olùdarí Ítálì ti rí i pé ó rọrùn fún àwọn náà. Bí o kò bá gba ohùn sílẹ̀ níbi tí o ti ń ya àwòrán, o lè lo àgbẹ̀ tí kò ṣeré rí, o lè lo ọmọ Faransé tàbí ará Amẹ́ríkà, o lè ya fíìmù létí ọjà tí ọkọ̀ ń fọn fèrè, olùdarí lè máa pariwo mọ́ òṣèré lórí bí kámẹ́rà ṣe ń yí lọ́wọ́. Olùdarí Federico Fellini tilẹ̀ máa ń ní kí àwọn òṣèré rẹ̀ kan máa ka òǹkà lásán. Ẹnu kàn gbọ́dọ̀ máa mì ni, wọn á fi ọ̀rọ̀ sí i tó bá yá.

Bí wọ́n ṣe ń fi sí i nìyí. Wọn á gé fíìmù náà sí wẹ́wẹ́, wọn á so orí àti ìdí èyí tí wọ́n gé mọ́ra wọn, á di anello, òrùka. Wọn á fi òrùka yìí sínú ẹ̀rọ, á máa yí, àwòrán kan náà á máa padà wá: ọmọbìnrin kan yíjú, ó ya ẹnu, ó pa á dé, ó tún yíjú. Nínú òkùnkùn, ẹnìkan dúró nídìí gbohùngbohùn, ìwé ọ̀rọ̀ wà lórí pátákó níwájú rẹ̀ tí iná kékeré tàn sí. Á wò ó lẹ́ẹ̀kan, á wò ó lẹ́ẹ̀mejì, á wo ibi tí ètè ti pàdé, ibi tí ọmọbìnrin náà ti mí, lẹ́yìn náà á sọ ọ́. Bí ọ̀rọ̀ bá ṣáájú ètè, wọn á tún un ṣe. Bí ètè bá ti sinmi tí ọ̀rọ̀ ò tíì tán, wọn á tún un ṣe. Tó bá bọ́ síbẹ̀ wẹ́kú, ọ̀gá iṣẹ́ á ní ó dára, wọn á gbé òrùka mìíràn wá.

Ẹni tó bá mọ egúngún á ní kò sí tuntun níbẹ̀: ohùn tó ń jáde lábẹ́ agọ̀ kì í ṣe ohùn ojoojúmọ́ ẹni tó gbé e, kò sì sẹ́ni tó ń béèrè. Ṣùgbọ́n egúngún bo ojú mọ́ ohùn. Èyí tí wọ́n ń ṣe ní Róòmù, ojú ni wọ́n gbé síta, wọ́n ń fi ojú náà pawó, wọ́n ń kọ orúkọ olójú gàdàgbà sára ògiri, orúkọ olóhùn kì í sì sí nínú ìwé tó ń yí kọjá lópin fíìmù.

Ẹ̀sùn tí wọ́n fi kan ohùn Claudia jẹ́ méjì. Àkọ́kọ́, bó ṣe ń kọ́ Ítálì, ahọ́n Faransé hàn nínú rẹ̀ kedere. Èyí ni mo gbà pé ó ní ìdí. Èkejì, ohùn rẹ̀ há, ó wúwo bíi ti ẹni tó ṣẹ̀ṣẹ̀ jí, kò jọ ohùn tí wọ́n ní kí arẹwà ní. Èyí ni n ò gbà. Ohùn tó há kì í ṣe àìgbédè. Tí wọ́n bá ní kó kọ́ èdè, á kọ́ ọ. Ohùn tí Ọlọ́run fún un ńkọ́, ibo ni kó gbé e sí?

Ìdí nìyí tí mo fi bẹ̀rẹ̀ láti Sísílì. Ní 1960, nínú Il bell'Antonio tí Mauro Bolognini darí, ó tún ṣe ọmọbìnrin Catania, ìyàwó Marcello Mastroianni. Sísílì nìyẹn lẹ́ẹ̀kan sí i. Ní 1963, nínú Il Gattopardo, ó ṣe Angelica, ọmọ Sísílì. Ìgbà mẹ́ta ni wọ́n wá ọmọ Sísílì, ìgbà mẹ́tẹ̀ẹ̀ta ni wọ́n rí i lára rẹ̀, tí wọn ò sì gba ohùn rẹ̀.

Lábẹ́ Pietro Germi, nínú Un maledetto imbroglio ní 1959, ló ti bẹ̀rẹ̀ sí í mọ iṣẹ́ náà, òun fúnra rẹ̀ ló sọ bẹ́ẹ̀. Ṣùgbọ́n fíìmù tó fi hàn pé òṣèré gidi ni, La ragazza con la valigia ni, tí Valerio Zurlini darí ní 1961. Aida ni níbẹ̀, akọrin ilé ìjó tí ọmọ olówó kan gbé kiri tó sì já sílẹ̀ pẹ̀lú àpótí ẹrù rẹ̀. Àbúrò ọmọ olówó náà, Lorenzo, ọmọkùnrin tí kò tíì hu irùngbọ̀n, wá káàánú rẹ̀, àánú náà sì di ìfẹ́. Ibì kan wà nínú rẹ̀ tí n kì í lè fò kọjá. Lorenzo mú un wọlé kó wẹ̀. Ó fi àwo orin Verdi kan sí ẹ̀rọ, orin tí wọ́n ti ń kí Aida, ṣùgbọ́n Aida mìíràn ni, èyí tó wà nínú eré olórin tí Verdi kọ. Claudia wá ń sọ̀ kalẹ̀ lórí àtẹ̀gùn ńlá ilé náà nínú aṣọ ìwẹ̀, díẹ̀díẹ̀, bí ẹni pé òun ló ni ilé. Ọkùnrin kan ń kọrin, ọmọkùnrin kan ń wò, òun ò sọ nǹkan kan. Kò sí ohun tí ẹnikẹ́ni lè yọ kúrò níbẹ̀.

Níbi tó ti sọ̀rọ̀ nínú fíìmù kan náà, Adriana Asti ni. Òṣèré tó mọ iṣẹ́ ni Asti, ó sì ṣe é dáadáa débi pé ìrora Aida wọ èèyàn lára. Wọ́n fún Claudia ní ẹ̀bùn àkànṣe David di Donatello lórí ipa yìí. N ò sọ pé kò tọ́ sí i o. Mo kàn ń ronú pé ẹ̀bùn kan ni, èèyàn méjì ló ṣiṣẹ́.

Irun méjì, ọ̀gá méjì

Ọdún 1962 ni ọ̀rọ̀ náà wá dé orí. Luchino Visconti ń ya Il Gattopardo, Federico Fellini ń ya 8½, àwọn méjèèjì sì fẹ́ Claudia lẹ́ẹ̀kan náà. Àwọn ọ̀gá méjì yìí kì í rí ara wọn sójú. Visconti fẹ́ kí irun rẹ̀ dúdú, Fellini fẹ́ kó mọ́lẹ̀ díẹ̀, ni wọ́n bá ń pa irun náà láró lọ, láró bọ̀, bó ṣe ń ti ọ̀dọ̀ ẹnìkan bọ́ sí ọ̀dọ̀ ẹnìkejì.

Lọ́dọ̀ Visconti, bíi ṣọ́ọ̀ṣì ni ibi iṣẹ́ rí, kò sẹ́ni tó ń mí sókè. Gbogbo nǹkan ló ní àyè rẹ̀. Ijó ńlá tó wà lápá ìparí fíìmù náà, èyí tó gbà tó ìṣẹ́jú 45, alẹ́ ni wọ́n ń yà á nínú ààfin Gangi ní Palermo nítorí ooru, pẹ̀lú àbẹ́là gidi tó ń jó lókè orí wọn. Piero Tosi ló rán aṣọ. Kọ́séètì tí wọ́n fi fún Claudia níkùn le débi tó fi há a lára, ó ní àpá rẹ̀ wà lára òun.

Ní ti èdè, Bábélì ni. Burt Lancaster ń sọ Gẹ̀ẹ́sì, Alain Delon ń sọ Faransé, àwọn yòókù ń sọ Ítálì. Claudia, ọmọ La Goulette, ló lè bá Delon sọ Faransé, kó yíjú bá àwọn Ítálì sọ tiwọn. Nígbà tí fíìmù náà yóò fi jáde lédè Ítálì, Corrado Gaipa ló ti wà lẹ́nu Lancaster, Solvejg D'Assunta ló sì wà lẹ́nu Claudia. Ìgbà tí ìdílé ọmọ-aládé, ẹni tí Lancaster ṣe, jókòó jẹun nílé wọn ní Donnafugata, Delon sọ àwàdà kan tí kò yẹ létí àgbà, Angelica sì bú sẹ́rìn-ín. Ẹ̀rín náà pọ̀, ó pẹ́, kò lójú tì, gbogbo tábìlì dákẹ́, ọmọ-aládé dìde, oúnjẹ tán nìyẹn. Ẹ wo ara rẹ̀ níbẹ̀: orí tó gbé sẹ́yìn, ọrùn, eyín, èjìká tó ń mì. Láti inú ẹ̀rín yẹn la ti mọ̀ pé ọmọ ẹni tó ṣẹ̀ṣẹ̀ rówó ni, pé ó sì máa jẹ ilé náà run. Fíìmù yìí gba Palme d'Or, ẹ̀bùn tó ga jù ní àjọ̀dún sinimá Cannes, ní 1963.

Lọ́dọ̀ Fellini, ariwo ni. Orin ń dún, àwọn èèyàn ń wọlé, wọ́n ń jáde, ọ̀gá ń sọ̀rọ̀ láàárín iṣẹ́. Claudia ní kò fún òun ní ọ̀rọ̀ kíkọ tí òun yóò há sórí. Á jókòó, á máa bi òun ní ìbéèrè, òun á máa dá a lóhùn. Ohùn híha tí àwọn yòókù ń sá fún, òun ni Fellini ní òun fẹ́. Ó ní kí wọ́n má fi ti ẹnikẹ́ni rọ́pò rẹ̀.

Kì í ṣe pé ó gba ohùn náà sílẹ̀ lójú ẹsẹ̀ o. Nínú ariwo yẹn, ta ló lè gba nǹkan kan? Ohùn tí à ń gbọ́ nínú 8½, nínú yàrá òkùnkùn ni wọ́n ti gbà á, nídìí òrùka, bíi ti gbogbo fíìmù. Ìyàtọ̀ ibẹ̀ ni pé Claudia fúnra rẹ̀ ló dúró nídìí gbohùngbohùn, tó ń wo ètè ara rẹ̀.

Fellini sì fi ṣeré. Ìgbà tí a kọ́kọ́ rí i nínú fíìmù náà, kò sọ nǹkan kan. Guido, olùdarí fíìmù tí ọ̀rọ̀ ti tán nínú rẹ̀, tò sórí ìlà níbi orísun omi ìwòsàn láàárín àwọn arúgbó, ni ọmọbìnrin kan tó wọ aṣọ funfun bá fẹsẹ̀ fúyẹ́ wá, ó na ife omi sí i. Àlá ni. A ní láti dúró títí fíìmù yóò fi fẹ́rẹ̀ẹ́ parí kí Claudia gidi tó dé, òṣèrébìnrin tó ń jẹ́ Claudia, nínú aṣọ dúdú, tó wá béèrè ipa tí wọ́n ní òun yóò kó. Wọ́n wa mọ́tò jáde lálẹ́, wọ́n dúró sí àgbàlá ilé àtijọ́ kan. Guido ń ṣàlàyé ara rẹ̀ lọ rẹpẹtẹ: ọkùnrin kan wà tó fẹ́ gbogbo nǹkan, tí kò lè mú ọ̀kan. Claudia ń rẹ́rìn-ín. Ó wá sọ ohun tó ń ṣe ọkùnrin náà fún un: torí kò mọ bí wọ́n ṣe ń fẹ́ràn èèyàn ni. Guido fi ọ̀rọ̀ mìíràn bò ó, ó tún un sọ. Guido tún bẹ̀rẹ̀, ó sọ ọ́ lẹ́ẹ̀kẹta. Ohùn náà nìyẹn, ó wúwo, ó há, kò gbé e sókè, kò bẹ̀bẹ̀. Ní gbogbo fíìmù náà, òun nìkan ló dá Guido lóhùn ní ṣókí tí Guido ò sì rí èsì sọ. Guido wá jẹ́wọ́ fún un pé kò sí ipa kankan fún un, pé kò tilẹ̀ sí fíìmù kankan.

Ìgbà àkọ́kọ́ tí wọ́n jẹ́ kó fi ohùn tirẹ̀ sọ̀rọ̀ nínú sinimá Ítálì nìyẹn, ohun tí wọ́n sì sọ fún un ni pé kò sáyè.

Kò tán síbẹ̀

Ẹni tó bá ń kọ ìtàn yìí bí ìtàn àlọ́ á ní láti 1963 lọ, ohùn Claudia di òmìnira. Irọ́ ni. Ọdún kan náà yẹn, nínú The Pink Panther tí Blake Edwards darí, tí wọ́n yà púpọ̀ nínú rẹ̀ ní Ítálì, ọmọ ọba Lugash, ilẹ̀ kan tí kò sí láyé, ni Claudia ṣe, Gale Garnett ni wọ́n sì fi sí i lẹ́nu. Gẹ̀ẹ́sì rẹ̀ ni wọ́n ní kò tó báyìí. Ó gba ẹ̀bùn Nastro d'Argento ní 1965 fún La ragazza di Bube tí Luigi Comencini darí, gbogbo Ítálì ti mọ ohùn rẹ̀ nígbà náà, síbẹ̀ nígbà tí Sergio Leone ṣe C'era una volta il West ní 1968, Rita Savagnone ló sọ̀rọ̀ sí i lẹ́nu nínú ẹ̀dà Ítálì.

Leone tilẹ̀ tún fi ohùn kẹta sí i. Jill, aṣẹ́wó tó ti New Orleans wá bá ọkọ tí wọ́n ti pa, sọ̀ kalẹ̀ nínú rélùwéè, kò rí ẹni tó wá pàdé rẹ̀. Ó dúró, ó wo aago, ó gba inú ọ́fíìsì rélùwéè jáde, kámẹ́rà gun òkè òrùlé, a sì rí gbogbo ìlú. Bí kámẹ́rà ṣe ń gòkè, obìnrin kan ń kọrin tí kò ní ọ̀rọ̀ nínú. Edda Dell'Orso ni. Ennio Morricone ti kọ orin náà kí wọ́n tó ya fíìmù, Leone sì ń lù ú sí àwọn òṣèré létí níbi iṣẹ́ kí wọ́n lè fi ẹsẹ̀ bá a lọ. Fíìmù náà parí sí ibi tí Jill ti ń gbé omi fún àwọn òṣìṣẹ́ tó ń ri irin rélùwéè mọ́lẹ̀. Ọmọ òṣìṣẹ́ rélùwéè ló ń ṣe é. Bóyá Leone mọ̀ tàbí kò mọ̀, mo máa ń rẹ́rìn-ín músẹ́ tí mo bá dé ibẹ̀.

Ní àárín ọdún 1970 sí 1980, ó kúrò lọ́dọ̀ Cristaldi, ó bá olùdarí Pasquale Squitieri lọ. Iṣẹ́ dínkù fúngbà díẹ̀. Ó ṣe Fitzcarraldo fún Werner Herzog ní 1982. Nígbà tó yá, ó fi Faransé ṣe ilé, ó padà sínú èdè tó fi kàwé. Venice, níbi tó ti kọ́kọ́ sọ pé òun ò ṣe, fún un ní Kìnnìún Wúrà fún gbogbo iṣẹ́ ayé rẹ̀ ní 1993. Ó kú ní Nemours, nítòsí Paris, ní ọjọ́ 23 oṣù kẹsàn-án ọdún 2025, ẹni ọdún 87.

Fíìmù kan wà tí kò lókìkí tó àwọn tí mo ti dárúkọ. Férid Boughedir, ọmọ Tùnísíà, ló darí rẹ̀ ní 1996: Un été à La Goulette. Ó dá lórí ìdílé mẹ́ta tó ń gbé ilé kan náà ní èbúté yẹn ní ọdún 1967, Mùsùlùmí, Júù àti Kátólíìkì ará Sísílì. Láàárín ìtàn náà, ìròyìn kàn pé gbajúmọ̀ ọmọ àdúgbò kan ń bọ̀ wá kí wọn nílé. Gbogbo àdúgbò jáde. Claudia Cardinale sì yọ, òun fúnra rẹ̀, ipa Claudia Cardinale ni wọ́n fún un. Ní 2022, wọ́n fi orúkọ rẹ̀ pe òpópónà kan níbẹ̀, ó sì lọ síbẹ̀ lọ́jọ́ náà, ẹni ọdún 84, láti wo orúkọ rẹ̀ lára ògiri ní Ọ̀fun Odò.